Ìràwọ̀ Keid: báwo ni wọ́n ṣe mọ bó ṣe tóbi tó, bó ṣe gbóná tó àti bó ṣe wúwo tó?

Ará Ojúẹlẹ́gba

Mo kí gbogbo yín o, ẹ̀yin àgbà àti ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi. Ìbéèrè mi dá lórí ìràwọ̀ kan tí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ kò pọ̀, tí wọ́n ń pè ní Keid, tí àwọn ìwé mìíràn ń pè ní 40 Eridani. Àwọn tó mọ̀ nípa ojú ọ̀run sọ pé ojú lásán lè rí i níbi tí ilẹ̀ bá ti ṣú dáadáa, àmọ́ láti orí òrùlé ilé wa ní Ojúẹlẹ́gba n kò tíì rí i rí, nítorí pé iná ojú pópó àti iná àwọn ilé ìtajà kì í jẹ́ kí ojú ọ̀run dúdú rárá. Ohun tó ń rú mi lójú kọjá bí n kò ṣe rí i. Mo kà á pé ìràwọ̀ yìí jìnnà sí wa ní ọdún-ìmọ́lẹ̀ 16.3 (ọdún-ìmọ́lẹ̀ kan ni ibi tí ìmọ́lẹ̀ lè rìn dé ní ọdún kan), pé ooru ojú rẹ̀ tó nǹkan bí 5,100 Kelvin, pé ìbú rẹ̀ jẹ́ 81 nínú ọgọ́rùn-ún ìbú òòrùn wa, àti pé ìràwọ̀ méjì mìíràn wà pẹ̀lú rẹ̀, tí ọ̀kan nínú wọn ti kú.

Nínú gbogbo nọ́ńbà wọ̀nyí, mo fẹ́ mọ èyí tí wọ́n wọ̀n àti èyí tí wọ́n kàn fojú díwọ̀n. Kò sí ẹni tó dé ibẹ̀ rí, kò sì sí ẹni tó máa dé ibẹ̀ láyé tiwa yìí. Báwo ni èèyàn ṣe ń wọn ìbú ohun tó jẹ́ pé, kódà nínú awò ńlá tí wọ́n fi ń wo ọ̀run, kò ju àmì kékeré kan tó ń tàn lọ?

Àkàngbé Ìsàlẹ̀ Èkó

Ẹ kú ìbéèrè gidi. Ọ̀rọ̀ ìwọ̀n kọjá tèmi, mo fi í sílẹ̀ fún Bàbá Olùkọ́ tí mo mọ̀ pé wọn yóò dé síbí láìpẹ́, ṣùgbọ́n mo lè sọ ibi tí ẹ ó ti wá a. Nítorí pé Èkó wà ní dígírì mẹ́fà àbọ̀ sí àríwá ìlà agbedeméjì ayé, tí Keid sì wà ní dígírì méje àti díẹ̀ sí gúúsù, ó máa ń kọjá fẹ́rẹ̀ẹ́ sí àtàrí wa gan-an, ní dígírì 14 péré sí apá òkun. Àǹfààní nìyẹn jẹ́ fún wa, nítorí pé lọ́dọ̀ àwọn ará London kì í ga ju dígírì 31 lọ, afẹ́fẹ́ tí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ ń là kọjá níbẹ̀ sì nípọn ju tiwa lọ.

Ní oṣù Kìíní, ní nǹkan bí aago mẹ́sàn-án alẹ́, ẹ kọ́kọ́ wá Rigel, ìràwọ̀ funfun tó mọ́lẹ̀ kedere ní ẹsẹ̀ àwùjọ ìràwọ̀ tí wọ́n ń pè ní Orion. Ẹ na ọwọ́ yín tán, kí ẹ ya ìka ìfábẹ̀lá àti ọmọńdinrín síra. Àlàfo tó wà láàárín ṣóńṣó ìka méjèèjì, tó jẹ́ nǹkan bí dígírì 15, ni ẹ ó wọ̀n láti Rigel lọ sí ìwọ̀-oòrùn. Ìràwọ̀ méjì tí kò mọ́lẹ̀ púpọ̀ ni ẹ ó bá níbẹ̀, Beid àti Keid, Beid ni ó sì mọ́lẹ̀ ju èkejì lọ díẹ̀. Ìpele ìmọ́lẹ̀ Keid jẹ́ 4.4. Nínú ìṣirò yìí, bí nọ́ńbà bá ṣe ń pọ̀ sí i ni ìmọ́lẹ̀ ń dín kù, ìpele 6 sì ni òpin ohun tí ojú tó ríran dáadáa lè rí lábúlé tí kò síná. Ní Marina tí mo ti ń ṣiṣẹ́, ẹni tó bá rí ìpele 3 ti gbìyànjú. Ẹ má sì rò pé ìgbà tí wọ́n bá mú iná lọ ni yóò sàn, nítorí pé jẹnẹrétọ̀ gbogbo yóò dìde lẹ́ẹ̀kan náà. Ọyẹ́ náà kò tún fi wá lọ́rùn sílẹ̀: eruku rẹ̀ lè pa ìràwọ̀ ìpele 4 rẹ́ pátápátá ní oṣù Kejìlá àti oṣù Kìíní. Òru ìparí oṣù Kọkànlá, nígbà tí òjò bá ṣẹ̀ṣẹ̀ fọ ojú ọ̀run tán, ni èmi fẹ́ràn jù, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹ ó ní láti dúró di ọ̀gànjọ́.

Olùkọ́ Físíìsì, Ṣómólú

Àkàngbé, o ṣeun. Ará Ojúẹlẹ́gba, ohun tí ẹ béèrè ni ó yẹ kí gbogbo ẹni tó bá ka nọ́ńbà nípa ìràwọ̀ máa béèrè, nítorí náà n ó fara balẹ̀ dáhùn.

Ohun tí ìràwọ̀ ń fún wa kò pọ̀. A ń rí ibi tó wà lójú ọ̀run, a ń rí bí ìmọ́lẹ̀ tó dé ọ̀dọ̀ wa ṣe pọ̀ tó, a sì ń rí bí àwọ̀ ṣe pín nínú ìmọ́lẹ̀ náà. Àwọn wọ̀nyí ni a ń wọ̀n. Èyí tó pọ̀ jù nínú àwọn nọ́ńbà yòókù, ìṣirò ni a fi ń fà á yọ láti inú wọn, ìṣirò sì yàtọ̀ sí ìfojúdíwọ̀n gan-an.

Jíjìnnà rẹ̀ ni ìpìlẹ̀ gbogbo rẹ̀. Ayé ń yí òòrùn po, tó fi jẹ́ pé ibi tí a wà ní oṣù Kìíní àti ibi tí a ó wà ní oṣù Keje fi nǹkan bí mílíọ̀nù 300 kìlómítà jìnnà síra. Bí a bá wo ìràwọ̀ tó sún mọ́ wa láti ibi méjèèjì, yóò hàn pé ó yẹ̀ díẹ̀ láàárín àwọn ìràwọ̀ tó jìnnà lẹ́yìn rẹ̀. Ìdajì ìyẹ̀ náà ni àwọn onímọ̀ ń lò. Ti Keid jẹ́ ìdá kan nínú 18,000 dígírì kan ṣoṣo. Igun náà kéré púpọ̀, ṣùgbọ́n irú iṣẹ́ yìí gan-an ni wọ́n tìtorí rẹ̀ ṣe àwọn sátẹ́láìtì Hipparcos àti Gaia, tí àjọ òfurufú ilẹ̀ Yúróòpù fi ránṣẹ́ ní 1989 àti 2013. Láti inú igun yẹn, ìṣirò onígun mẹ́ta tí àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ girama wa ń ṣe ló bí ọdún-ìmọ́lẹ̀ 16.3.

Bí ẹ bá fẹ́ mọ ìdí tí mo fi ń tẹnu mọ́ jíjìnnà, ẹ wo Beid tí Àkàngbé dárúkọ. Lójú wa, aládùúgbò ni òun àti Keid, ìmọ́lẹ̀ wọn sì fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba. Ṣùgbọ́n Beid jìnnà ju ọgọ́rùn-ún ọdún-ìmọ́lẹ̀ lọ, ó lé ní ìlọ́po méje jíjìnnà Keid, nítorí náà, kí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ tó lè dé ọ̀dọ̀ wa bó ṣe ń dé yìí, ó gbọ́dọ̀ máa tú agbára jáde tó tó nǹkan bí ìlọ́po ọgbọ̀n ti òòrùn wa. Bí a bá ṣe irú ìṣirò kan náà fún Keid, a ó rí i pé nǹkan bí 40 nínú ọgọ́rùn-ún agbára òòrùn ni ó ń tú jáde. Ẹni tó bá wo méjèèjì láìmọ bí wọ́n ṣe jìnnà tó yóò pè wọ́n ní ọgbà, bẹ́ẹ̀ ọ̀kan ju òòrùn lọ fíìfíì, èkejì kò sì tó òòrùn.

Ooru ojú rẹ̀, inú àwọ̀ ni a ti ń mọ̀ ọ́n. Ohun tó gbóná gan-an máa ń tú ìmọ́lẹ̀ búlúù jáde ju pupa lọ. Bí ooru bá ṣe ń dín kù ni pupa àti àwọ̀ ọsàn ń borí. Bí a bá tú ìmọ́lẹ̀ Keid palẹ̀ bíi ti òṣùmàrè, a ó tún rí àwọn ìlà dúdú tín-ín-rín láàárín àwọn àwọ̀ náà, níbi tí irin, kálísíọ́mù àti àwọn èròjà mìíràn ti gbé ìmọ́lẹ̀ mì. Bí àwọn ìlà náà ṣe nípọn tó ń sọ bí ooru ṣe pọ̀ tó, ó sì tún ń sọ iye èròjà tó wà níbẹ̀: 5,100 Kelvin ni ti Keid, a bá fi wé 5,772 ti òòrùn, irin tó wà nínú rẹ̀ sì jẹ́ nǹkan bí ìdajì irú èyí tó wà nínú òòrùn.

Nígbà tí a bá ti ní agbára àti ooru lọ́wọ́, ìbú kò lè sá pamọ́ mọ́. Josef Stefan rí òfin kan ní 1879, Ludwig Boltzmann sì fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀ nínú ìṣirò ní 1884, pé bí ooru ohun kan bá di ìlọ́po méjì, agbára tí ojú rẹ̀ ń tú jáde ní ibi kọ̀ọ̀kan yóò di ìlọ́po mẹ́rìndínlógún. Ooru Keid jẹ́ 88 nínú ọgọ́rùn-ún ti òòrùn; nípa òfin yìí, ibi kọ̀ọ̀kan lójú rẹ̀ ń tú nǹkan bí 61 nínú ọgọ́rùn-ún jáde. Kí gbogbo rẹ̀ lápapọ̀ tó lè jẹ́ 40, ojú rẹ̀ gbọ́dọ̀ fẹ̀ tó nǹkan bí 66 nínú ọgọ́rùn-ún ojú òòrùn, ìbú tó sì bá ìyẹn mu ni 81 tí ẹ kà, ìyẹn nǹkan bí mílíọ̀nù 1.1 kìlómítà. Fún ìràwọ̀ tó sún mọ́ wa bí eléyìí, àwọn onímọ̀ tún ní ọ̀nà mìíràn, tí wọ́n fi ń so awò púpọ̀ pọ̀ láti wọn ìbú náà tààrà, èsì rẹ̀ kò sì jìnnà sí ti ìṣirò.

Ará Ojúẹlẹ́gba

Bàbá Olùkọ́, ẹ ṣeun púpọ̀, Ọlọ́run á jẹ́ kí ẹ pẹ́ fún wa. Ohun méjì ló kù tí kò tíì yé mi. Èkíní ni ìwúwo, nítorí n kò rí bí ìmọ́lẹ̀ ṣe lè sọ bí nǹkan ṣe wúwo tó. Èkejì ni ti ìràwọ̀ tó ti kú, tí wọ́n ń pè ní B. Wọ́n ní ooru rẹ̀ ju 16,000 Kelvin lọ, síbẹ̀ ìpele ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ jẹ́ 9.5, tí ojú lásán kò lè rí láéláé. Ṣé ohun tó ti kú ló máa gbóná ju èyí tó wà láàyè lọ ní ìlọ́po mẹ́ta?

Olùkọ́ Físíìsì, Ṣómólú

Ìbéèrè méjèèjì so mọ́ ara wọn. Ìràwọ̀ tó bá dá wà ṣòro láti wọn ìwúwo rẹ̀. Èyí tó bá ní ẹnìkejì tó ń yí i po ló rọrùn. William Herschel, onímọ̀ nípa ìràwọ̀, ti rí àwọn ìràwọ̀ kékeré tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ Keid láti 1783. Méjì ni wọ́n, B àti C, wọ́n sì ń yí ara wọn po. Àlàfo àárín wọn jẹ́ nǹkan bí ìlọ́po 35 àlàfo tó wà láàárín ayé àti òòrùn, ìyípo kan sì ń gbà wọ́n ní nǹkan bí ọdún 230, tó fi jẹ́ pé láti ìgbà ayé Herschel títí di òní, ìyípo kan àti díẹ̀ péré ni wọ́n tíì ṣe. Òfin tí Kepler rí, tí Newton sì ṣàlàyé ìdí rẹ̀, ni a ń lò: ẹ ṣe 35 lọ́nà 35 lọ́nà 35, kí ẹ pín in sí 230 lọ́nà 230. Ẹ ṣe é lórí fóònù yín, nǹkan bí 0.8 ni yóò jáde, ìyẹn ni ìwúwo àwọn méjèèjì lápapọ̀ bí a bá fi òòrùn ṣe òṣùwọ̀n. Lẹ́yìn náà ni a ó wo èyí tó ń yẹ̀ jù nínú wọn bí wọ́n ti ń yí po, nítorí pé èyí tó fúyẹ́ ló ń rìn jìnnà jù. Báyìí ni a ṣe pín in: nǹkan bí 0.57 fún B, nǹkan bí 0.2 fún C.

Ti Keid fúnra rẹ̀, tí wọ́n ń pè ní A, wà ní nǹkan bí 0.8. Èyí kò dúró ṣinṣin tó ti àwọn méjèèjì, nítorí pé A jìnnà sí wọn ju ìlọ́po 400 àlàfo ayé àti òòrùn lọ, ìyípo rẹ̀ yóò sì gba ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún. Ìmọ̀ nípa bí ìràwọ̀ ṣe ń jó nínú ni a fi ń ṣírò tirẹ̀.

Ó wá ku B. Ní 1910, Henry Norris Russell, onímọ̀ nípa ìràwọ̀, béèrè lọ́wọ́ Edward Pickering ní ibi tí wọ́n ti ń wo ìràwọ̀ ní Harvard pé irú ìmọ́lẹ̀ wo ni B ní, Williamina Fleming ló sì wá a jáde: ìmọ́lẹ̀ funfun ni, ti ìràwọ̀ gbígbóná. Ó yà wọ́n lẹ́nu, nítorí pé gbogbo ìràwọ̀ tí wọ́n mọ̀ nígbà náà tó ń tú agbára díẹ̀ bẹ́ẹ̀ jáde, pupa ni wọ́n. Ẹ fi òfin Stefan yẹ̀ ẹ́ wò. Ooru tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìlọ́po mẹ́ta ti òòrùn túmọ̀ sí pé ibi kọ̀ọ̀kan lójú B ń tú agbára jáde ju ti òòrùn lọ ní ìlọ́po tó lé ní ọgọ́ta. Síbẹ̀, gbogbo rẹ̀ lápapọ̀ kò ju ìdá kan àti díẹ̀ nínú ọgọ́rùn-ún agbára òòrùn lọ. Ọ̀nà kan ṣoṣo tí èyí fi lè rí bẹ́ẹ̀ ni pé kí ojú rẹ̀ kéré jọjọ, ìbú tó sì bá a mu jẹ́ nǹkan bí 19,000 kìlómítà. Ayé tí a wà nínú rẹ̀ yìí jẹ́ 12,742. Ìwúwo tó ju ìdajì òòrùn lọ ni ó kó ara jọ sínú ohun tí ìbú rẹ̀ kò tó ìlọ́po méjì ti ayé! Bí ẹ bá bu nínú rẹ̀ ìwọ̀n tó gùn, tó fẹ̀, tó sì ga ní sẹ̀ǹtímítà kọ̀ọ̀kan, yóò wúwo ju àpò sìmẹ́ńtì mẹ́fà lọ.

Bó ṣe kú tó ṣì gbóná kò ta ko ara wọn. Kò sí ohun tó ń jó nínú rẹ̀ mọ́. Ooru ìgbà àtijọ́ ló kù, ojú tí ooru náà sì ń gbà jáde kéré tó fi jẹ́ pé yóò pẹ́ gan-an kó tó tutù. Ìràwọ̀ tó bá wúwo jù ló máa ń tètè ná háídírójìn rẹ̀ tán, nítorí náà B, tó ti fúyẹ́ ju A lọ báyìí, ló wúwo jù nínú àwọn mẹ́ta nígbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀. Ó wú di òmìrán pupa, ó da èyí tó pọ̀ nínú ara rẹ̀ sí òfurufú, ohun tó sì ṣẹ́ kù ni àárín rẹ̀, tó jẹ́ kábọ́ọ̀nù àti ọ́síjìn.

Ìyá Ìbejì, Ẹ̀búté Mẹ́ta

Bàbá Olùkọ́, mo gbádùn àlàyé yín, ẹ má sì bínú pé mo fẹ́ fi nǹkan kún un. Kí àbúrò wa má lọ rò pé gbogbo nọ́ńbà wọ̀nyí ló lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ bákan náà. Ọdún 230 tí ẹ sọ yẹn, 2017 ni wọ́n ṣe àtúnṣe rẹ̀ sí bẹ́ẹ̀. Ṣáájú ìgbà náà, ọdún 252 ni àwọn ìwé ń lò, ìwúwo B tó sì ń jáde láti inú rẹ̀ kò ju 0.50 lọ. Ìyàtọ̀ díẹ̀ nínú ìyípo ló yí ìwúwo padà tó bẹ́ẹ̀, ìràwọ̀ kan náà ni.

Ti pílánẹ́ẹ̀tì tún wà níbẹ̀. Ní 2018, àwọn onímọ̀ kéde pé àwọn rí pílánẹ́ẹ̀tì kan tó ń yí Keid po ní ọjọ́ 42. Ìròyìn náà tàn kálẹ̀, ó sì ṣì wà lórí ọ̀pọ̀ ojú ìwé títí di òní. Ṣùgbọ́n Keid fúnra rẹ̀ ń yí lórí ara rẹ̀ ní nǹkan bí ọjọ́ 42 pẹ̀lú, èyí tó ti yẹ kó fu èèyàn lára láti ìbẹ̀rẹ̀, nígbà tó sì di 2024, àyẹ̀wò tó jinlẹ̀ jù fi hàn pé ìgbòkègbodò ojú ìràwọ̀ náà ni wọ́n rí, kì í ṣe pílánẹ́ẹ̀tì. Ní tèmi, ìbú àti ooru Keid ni mo gbà láìjiyàn. Ti pílánẹ́ẹ̀tì ni kí ẹ pa rẹ́ nínú ìwé yín.

Olùkọ́ Físíìsì, Ṣómólú

Ìyá Ìbejì, òdodo ọ̀rọ̀ lẹ sọ, mo sì dúpẹ́ pé ẹ mú ti 0.50 wá, nítorí pé nọ́ńbà náà ti ń dààmú àwọn onímọ̀ tipẹ́. Ọ̀nà mìíràn wà láti wọn B tí kò ní nǹkan ṣe pẹ̀lú ìyípo rárá. Ìmọ̀ Einstein sọ pé ìmọ́lẹ̀ tó bá ń jáde láti orí ohun tó wúwo tó sì kéré yóò pàdánù díẹ̀ nínú agbára rẹ̀ kó tó bọ́, àwọn ìlà dúdú inú rẹ̀ yóò sì sún sí apá pupa. Daniel Popper wọn ìsún yìí lára B ní 1954. Lára òòrùn, ìsún náà kéré tó bẹ́ẹ̀ tí ó ṣòro láti yà sọ́tọ̀, ṣùgbọ́n lára B ó hàn. Nígbà tó jẹ́ pé ìwúwo àti ìbú ló ń pinnu bó ṣe máa sún tó, ẹni tó bá ti mọ ìbú yóò mọ ìwúwo. Ìwọ̀n ti ìsún náà kò bá 0.50 rẹ́ dáadáa, ó sì bá 0.57 rẹ́. Nítorí ìdí èyí ni ọkàn mi fi balẹ̀ sí àtúnṣe 2017: ọ̀nà méjì tí wọn kò mọ ara wọn rí ló pàdé níbì kan náà.

Àkàngbé Ìsàlẹ̀ Èkó

Ẹ̀yin àgbà, ẹ kú iṣẹ́. Fún Ará Ojúẹlẹ́gba àti ẹnikẹ́ni tó bá ní awò kékeré tí wọ́n fi ń wo ọ̀run nílé: kò sí ìràwọ̀ irú B yìí tó rọrùn láti rí tó o ní gbogbo ojú ọ̀run. Èyí tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ Sirius, ìràwọ̀ tó mọ́lẹ̀ jù lójú ọ̀run lóru, mọ́lẹ̀ jù ú lọ, ṣùgbọ́n ìtànṣán Sirius kì í jẹ́ kí èèyàn rí i. Ti Keid kò ní irú wàhálà bẹ́ẹ̀, nítorí pé àlàfo àárín A àti B tó nǹkan bí ìdá kan nínú ogún ìbú òṣùpá. Awò tí dígí iwájú rẹ̀ fẹ̀ ní ínǹṣì mẹ́rin yóò fi í hàn yín láti orí òrùlé, bí ẹ bá fi ògiri tàbí táǹkì omi ṣe ààbò kúrò lọ́wọ́ iná ojú pópó, tí ẹ sì jẹ́ kí ojú yín mọ òkùnkùn fún bí ogún ìṣẹ́jú kí ẹ tó wo inú awò. C ni kò ní ṣeé rí níbẹ̀, ìpele 11 ni, ìmọ́lẹ̀ B sì wà nítòsí rẹ̀ gan-an. Ẹ gbé awò yín lọ sí apá Ẹ̀pẹ́ fún ìyẹn.